Ayàwòrán ni mí, mo fẹ́ ṣe dọkumẹ́ńtárì nípa bàbá mi tó ń fín igbá: ibo ni kí n ti bẹ̀rẹ̀?

ỌmọOnígbá (Ọ̀yọ́)

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin ọ̀gá mi. Ọ̀dà ni mo fi ń yàwòrán, mo sì ń fín igbá. Iṣẹ́ igbá fínfín yìí ni bàbá mi fi tọ́ wa nílùú Ọ̀yọ́ níbí, ilé wa ò jìnnà sí ọjà Akẹ̀sán. Ojú wọn ti ń ṣe bàìbàì báyìí, wọn ò lè fín ọnà wẹ́wẹ́ mọ́. Mo fẹ́ ṣe dọkumẹ́ńtárì nípa wọn, àmọ́ kì í ṣe irú èyí tí wọ́n máa ń ṣe lórí tẹlifíṣọ̀n, tí ẹnì kan á kàn máa ṣàlàyé iṣẹ́ ọwọ́ ilẹ̀ Yorùbá lórí àwòrán. Ohun tó wà láàárín èmi àti bàbá mi ni mo fẹ́ kó wà níbẹ̀.

Mo ní fóònù Android tó ń ya 4K, igi ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́ta, àti laptop tí RAM rẹ̀ jẹ́ 8 GB. Fọ́tò àtijọ́ wà nílé, àwọn kan ti lẹ̀ mọ́ gíláàsì férémù. Kásẹ́ẹ̀tì méjì náà wà tí ohùn ìyá bàbá mi wà nínú ẹ̀, oríkì ìdílé ni wọ́n ń kì. Ẹ jọ̀ọ́, kí ni kí n kọ́kọ́ rà? Báwo ni màá ṣe ya àwòrán àti ohùn tó máa ṣeé wò? Ṣé ó yẹ kí ojú tèmi náà hàn nínú fíìmù ọ̀hún?

AyàwòránÒgbómọ̀ṣọ́

Ẹ kú iṣẹ́ o. Ẹni tó ń kun ọ̀dà ti mọ bí wọ́n ṣe ń to nǹkan sínú àwòrán, nítorí náà mi ò ní sọ̀rọ̀ púpọ̀ lórí ìyẹn. Ibi tí ọ̀pọ̀ nínú àwa ayàwòrán ti máa ń kọsẹ̀ ni àkókò. Àwòrán ara ògiri á dúró de ẹni tó ń wò ó; fíìmù ò dúró. A ó ya ewé, a ó ya ògiri, a ó ya òjìji tó dára, ìgbà tá a bá wá tò ó pọ̀, a ó rí i pé kò sẹ́ni tó ń ṣe nǹkan kan nínú ẹ̀. Torí náà, iṣẹ́ ni kẹ́ ẹ máa yà láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin: kí bàbá jókòó, kí wọ́n fọwọ́ wá ọ̀bẹ, kí wọ́n pọ́n ọn, kí wọ́n gbé igbá lé itan, kí wọ́n bẹ̀rẹ̀, kí wọ́n dá ọwọ́ dúró, kí wọ́n sinmi. Lẹ́yìn tẹ́ ẹ bá tẹ bọ́tìnì, ẹ ka ení dé ẹẹ́wàá lọ́kàn kẹ́ ẹ tó ronú àtigbé kámẹ́rà kúrò. Èyí tó bá kúrú ju bẹ́ẹ̀ lọ kì í fi bẹ́ẹ̀ wúlò nígbà tẹ́ ẹ bá ń gé e.

Ó wá kan fóònù. Iná mànàmáná wa, 50 Hz ni. Ọ̀pọ̀ fóònù ló jẹ́ pé 30 fps (fíréèmù 30 ní ìṣẹ́jú àáyá kan) ni wọ́n ń yà bí ẹnì kankan ò bá yí i padà, ìdí nìyẹn tí iná LED àti iná gígùn fi máa ń ṣẹ́jú nínú fídíò tàbí tí ìlà dúdú á máa rìn káàkiri. Ẹ gbé áàpù tó máa jẹ́ kẹ́ ẹ fọwọ́ yín ṣètò gbogbo ẹ̀ sórí fóònù: Open Camera wà lọ́fẹ̀ẹ́, Blackmagic Camera náà wà lọ́fẹ̀ẹ́ bí fóònù yín bá gbà á. Ẹ fi sí 25 fps, kẹ́ ẹ fi shutter (àkókò tí fíréèmù kọ̀ọ̀kan fi ń gba ìmọ́lẹ̀) sí 1/50. Tó bá jẹ́ jẹnẹrétọ̀ kékeré ló ń tanná, Hz rẹ̀ máa ń lọ sókè sódò bí ẹrù tó wà lórí ẹ̀ bá ṣe ń yí, iná á tún máa ṣẹ́jú. Ìmọ́lẹ̀ ojú fèrèsé ló dáa jù, kẹ́ ẹ ta aṣọ funfun fẹ́lẹ́ sí i bí oòrùn bá ń wọlé tààrà.

Ẹ má ya 4K fún gbogbo nǹkan. Ó máa wúwo jù fún laptop RAM 8. 1080p ní 20 Mbps á gba bíi 9 GB fún wákàtí kan. 4K ní 50 Mbps á gba tó 22 GB. Ìgbà tẹ́ ẹ bá ń ya ọwọ́ àti igbá nìkan ni kẹ́ ẹ lo 4K, kẹ́ ẹ lè gé àwòrán náà sún mọ́ nígbà tó bá yá.

Ojú bàbá ńkọ́? Bí wọ́n bá jókòó síwájú ògiri funfun tàbí tí wọ́n kẹ̀yìn sí ẹnu ọ̀nà, fóònù á rò pé ìmọ́lẹ̀ ti pọ̀ jù, á sì sọ ojú wọn di dúdú kirikiri. Ẹ tẹ ojú wọn lórí fóònù, kẹ́ ẹ fi ìka dì í mú títí tó fi máa kọ AE/AF lock, ìyẹn ni pé ìmọ́lẹ̀ àti ibi tó ń wò ò ní yí mọ́. Ẹ jẹ́ kí ògiri funfun yẹn mọ́lẹ̀ jù bó bá fẹ́, ojú bàbá la fẹ́ rí. Pátákó funfun kan tàbí fóòmù tí wọ́n fi ń di tẹlifíṣọ̀n, tẹ́ ẹ bá gbé e sí ẹ̀gbẹ́ ibi tó ṣókùnkùn ní ojú wọn, á dá ìmọ́lẹ̀ padà.

Igbá ní tiẹ̀ yàtọ̀. Tí ìmọ́lẹ̀ bá kọjú sí i gan-an, ọnà á pòórá. Ẹ jẹ́ kó ti ẹ̀gbẹ́ wá, kó fẹ́rẹ̀ẹ́ máa rá lójú igbá. Nígbà yẹn ni òjìji á wọ inú ìlà kọ̀ọ̀kan, etí ibi tí ọ̀bẹ gbà kọjá á máa dán, ẹ ó sì rí èérún funfun tó ń ká kúrò lẹ́nu ọ̀bẹ. Fóònù púpọ̀ kì í ríran dáadáa bí nǹkan bá sún mọ́ ju sẹ̀ǹtímítà 10 lọ, nítorí náà ẹ sún sẹ́yìn, kẹ́ ẹ lo lẹ́ǹsì 2x bó bá wà lórí tiyín.

Bó bá bọ́ sígbà ọyẹ́, eruku ló máa bá lẹ́ǹsì jẹ́. Ẹ fi rọ́bà àfọwọ́fún fẹ́ ẹ dànù kẹ́ ẹ tó fi aṣọ kàn án, torí iyanrìn wà nínú eruku yẹn, á ha gíláàsì.

GbohùnGbohùn (Ọ̀yọ́)

Mo fara mọ́ gbogbo ohun tí Ọ̀gá Ògbómọ̀ṣọ́ sọ, àmọ́ tí owó bá kéré, máìkì ni kẹ́ ẹ kọ́kọ́ rà, kì í ṣe lẹ́ǹsì, kì í ṣe iná. Àwọn èèyàn á fara da àwòrán tí kò fi bẹ́ẹ̀ mọ́. Tí wọn ò bá gbọ́ ohun tí bàbá ń sọ, wọ́n á pa á.

Máìkì kékeré tí wọ́n ń há mọ́ aṣọ, olókùn, tó fún yín. Ẹ wo ẹnu ẹ̀ dáadáa kẹ́ ẹ tó sanwó. Èyí tó ní òrùka dúdú mẹ́ta, TRRS, ni fóònù ń lò. Oní-méjì, TRS, kámẹ́rà ló wà fún. Tẹ́ ẹ bá ki oní-méjì bọ fóònù, fóònù ò ní sọ fún yín pé kò dá a mọ̀, máìkì inú ara ẹ̀ lá máa lò lọ, ilé lẹ máa tó mọ̀. Bí fóònù yín ò bá ní ihò earpiece, ẹ bèèrè fún èyí tó ní ẹnu USB-C. Kẹ́ ẹ tó bẹ̀rẹ̀, ẹ fi èékánná kan orí máìkì, ẹ gbà á sílẹ̀, ẹ fi earpiece gbọ́ ọ. Bí kíkàn yẹn bá dún ketekete, a jẹ́ pé òun ló ń ṣiṣẹ́.

Sẹ̀ǹtímítà 15 sí 20 sábẹ́ àgbọ̀n ni kẹ́ ẹ há a sí. Aṣọ tí wọ́n fi sítáàṣì sí máa ń dún kẹrẹkẹrẹ, ìlẹ̀kẹ̀ ọrùn náà á máa kàn án. Ẹ sọ fún bàbá kí wọ́n wọ bùbá tó ti rọ̀. Ẹ ká okùn máìkì lẹ́ẹ̀kan, kẹ́ ẹ fi pílásítà lẹ ibi tó ká mọ́ inú aṣọ, kí okùn má bàa fà á bí wọ́n bá mira.

Ẹ pa ohun tó ń gbé ohùn sókè fúnra ẹ̀ nínú áàpù. Bí kò bá sí ní pípa, gbogbo ìgbà tí bàbá bá dákẹ́ láti ronú ni ariwo àdúgbò á máa ru sókè, ìgbà tí wọ́n bá tún sọ̀rọ̀ á lọ sílẹ̀. 48 kHz ni kẹ́ ẹ lò, kí ibi tí ohùn ga jù máa kan nǹkan bíi −12 dB. Èyí tó bá ti ya nítorí pé ó ga jù, kò sí ohun tó lè tún un ṣe.

Àsìkò tó dáa jù nígboro Ọ̀yọ́ ni lẹ́yìn ìrun àsùbáà kí ọ̀kadà àti àwọn wẹ́dà tó bẹ̀rẹ̀. Ẹ pa fáànù. Ẹ pa fíríìjì, kẹ́ ẹ sì ju kọ́kọ́rọ́ ilé sínú ẹ̀, ẹ ò ní lè jáde láì tan án padà. Bí òjò bá bẹ̀rẹ̀ lórí páànù, ẹ dúró kó dá. Kẹ́ ẹ tó kúrò nínú yàrá kọ̀ọ̀kan, kí gbogbo èèyàn dákẹ́, kẹ́ ẹ gba ohùn yàrá lásán sílẹ̀ fún ìṣẹ́jú kan gbáko. Òun lẹ máa fi di àlàfo nígbà tẹ́ ẹ bá gé ọ̀rọ̀. Tí ẹ ò bá ní i, gbogbo ibi tẹ́ ẹ gé ni etí á máa gbọ́.

Ní ti ìbéèrè, ẹ má bi bàbá ní "ṣé", torí "bẹ́ẹ̀ ni" ni wọ́n máa dá yín lóhùn. "Báwo lẹ ṣe mọ̀ pé igbá yìí ti gbẹ tó?" "Ta ló kọ́kọ́ fi ọnà yìí hàn yín?" Ẹ bẹ̀ wọ́n kí wọ́n máa fi ìbéèrè bẹ̀rẹ̀ ìdáhùn wọn, kí ohùn tiyín lè ṣeé gé kúrò. Tí wọ́n bá parí ọ̀rọ̀, ẹ má tètè gbà á lẹ́nu wọn. Àgbàlagbà sábà máa ń fi ohun tó ṣe pàtàkì sẹ́yìn ìdákẹ́jẹ́ẹ́.

Ohun kan ṣì wà tí màá dábàá. Ẹ wá igbá kan tí wọ́n fín nígbà tójú wọn ṣì dá, kẹ́ ẹ gbé e lé wọn lọ́wọ́ láìsọ nǹkan kan. Ìka wọn á máa tọ ọnà náà. Ẹ jẹ́ kí kámẹ́rà wà lára ìka yẹn, kí máìkì sì wà lẹ́nu wọn.

ÀǹtíAgéfíìmù

Ẹ̀yin ẹ̀gbọ́n mi ti ṣe dáadáa. Níbì kan ṣoṣo ni mi ò ti fara mọ́ Bọ̀dá GbohùnGbohùn: ọ̀rọ̀ gígé ohùn olùbéèrè kúrò. Ti tẹlifíṣọ̀n nìyẹn. ỌmọOnígbá ní ohun tó wà láàárín òun àti bàbá òun lòún fẹ́, báwo la ṣe máa rí i tí ohùn ọmọ ò bá sí níbẹ̀? Ẹ wá máìkì kejì, kẹ́ ẹ há a mọ́ ara yín. Ẹ jẹ́ kí bàbá pè yín lórúkọ, kí wọ́n ní "ìwọ náà mọ̀ ọ́n", kí wọ́n bá yín wí pàápàá. Ìyẹn lá sọ pé ọmọ wọn ló wà lẹ́yìn kámẹ́rà.

Lórí pé kí ojú yín hàn: kò pọn dandan. Agnès Varda, ará Faransé tó jẹ́ ayafọ́tò kó tó máa ṣe fíìmù, gba kámẹ́rà dígítà kékeré kan nígbà tó ti lé ní ẹni àádọ́rin ọdún, ó fi ọwọ́ kan gbé e, ó fi ya ọwọ́ ara ẹ̀ kejì tó ti hunjọ. Ọwọ́ nìkan ti tó. Ẹ̀yin náà ń fín igbá, ọwọ́ yín àti ọwọ́ bàbá lórí igbá kan náà ju kẹ́ ẹ jókòó síwájú kámẹ́rà kẹ́ ẹ máa ṣàlàyé ara yín.

Kẹ́ ẹ tó ya ohunkóhun, ẹ kọ gbólóhùn kan ṣoṣo sórí ìwé: kí ni mo fẹ́ gbọ́ lẹ́nu bàbá mi tí wọn ò tíì sọ fún mi rí? Bó bá jẹ́ pé "ìtàn igbá fínfín" lẹ kọ, ẹ pa á rẹ́. Gbogbo ohun tí kò bá jẹ mọ́ gbólóhùn yẹn, bó ti wù kó rẹwà tó, ẹ máa yọ ọ́. Fún àkọ́ṣe, ìṣẹ́jú 12 sí 20 ni kẹ́ ẹ fojú sùn.

Fọ́tò tó lẹ̀ mọ́ gíláàsì, ẹ má ṣe fà á kúrò. Ojú fọ́tò yẹn, nǹkan bí oje ni, ọ̀rinrin ló rọ̀ ọ́ tó fi lẹ̀. Tẹ́ ẹ bá fà á, ojú èèyàn á ṣẹ́ kù sára gíláàsì. Ẹ nu gíláàsì náà lójú, kẹ́ ẹ gbé férémù sí ọ̀dẹ̀dẹ̀ níbi tí oòrùn ò dé, kẹ́ ẹ ya á láti orí gíláàsì náà. Ẹ mú aṣọ dúdú, ẹ lu ihò sí i fún lẹ́ǹsì, kẹ́ ẹ ta á síwájú fóònù. Àwòrán ara yín ò ní hàn nínú gíláàsì mọ́. Ẹ má lo fíláàṣì. Èyí tí kò lẹ̀, ẹ gbé e lọ síbi tí wọ́n ti ń ṣe scan, 600 dpi. Fọ́tò kékeré 9 × 13 sẹ̀ǹtímítà á fún yín ní nǹkan bíi 2100 × 3000 pixel, ó ju ohun tí 1080p nílò lọ, ẹ ó lè máa sún mọ́ ojú ẹnì kan nínú rẹ̀. Ẹ tẹnu mọ́ ọn pé TIFF tàbí JPEG lẹ fẹ́. Ọ̀pọ̀ wọn ló máa ń fi PDF tó ti fún pọ̀ lé èèyàn lọ́wọ́. Ẹ ṣe ẹ̀yìn fọ́tò náà pẹ̀lú, torí òǹtẹ̀ ayafọ́tò àti ọjọ́ sábà máa ń wà níbẹ̀.

Kásẹ́ẹ̀tì ló gba ìṣọ́ra jù. Ẹ kọ́kọ́ ṣẹ́ eyín pélébé méjì tó wà lórí ẹ̀, kí ẹnikẹ́ni má lè gba nǹkan míì lé e. Ẹ wo inú ẹ̀: bí ẹ bá rí funfun bí ìyẹ̀fun lára tépù, ó ti bu nìyẹn, ẹ má fi sínú ẹ̀rọ rárá. Bí fóòmù kékeré tó ń ti tépù mọ́ orí ẹ̀rọ bá ti já, ẹ lẹ òmíì sí i tàbí kẹ́ ẹ gbé tépù náà sínú ilé kásẹ́ẹ̀tì míì tó ní ìdè (screw) tó ṣeé tú. Ẹ fi òwú àti sípíríìtì nu orí ẹ̀rọ. Ẹ yí tépù lọ dé òpin, kẹ́ ẹ yí i padà, kẹ́ ẹ tó tẹ play. Láti ihò earpiece ẹ̀rọ, ẹ fi okùn gbé e lọ sínú káàdì ohùn USB tó ní line-in. Ihò máìkì laptop á jẹ́ kí ohùn ya. Audacity lẹ máa fi gbà á sílẹ̀ lórí laptop, ọ̀fẹ́ ni; fáìlì WAV, 48 kHz, 24-bit ni kẹ́ ẹ yàn. Ẹ gba gbogbo ẹ̀ láìdúró, torí ẹ ò mọ̀ bóyá tépù náà á tún gbà fún ìgbà kejì.

Ohun tó máa dààmú yín jù nínú ẹ́díìtì ni pé fóònù kì í ya iye fíréèmù tó dọ́gba, bó tiẹ̀ kọ 25. Ẹnu àti ohùn á bẹ̀rẹ̀ sí í yàtọ̀ lẹ́yìn ìṣẹ́jú mélòó kan. Ẹ kó gbogbo fídíò gba inú HandBrake tó ń yí fídíò padà, ẹ yan Constant Framerate, 25, kẹ́ ẹ tó gbé e sínú Kdenlive tàbí Shotcut tẹ́ ẹ máa fi gé e. Àwọn méjèèjì á ṣiṣẹ́ lórí RAM 8 bẹ́ ẹ bá tan proxy, ìyẹn ẹ̀dà fídíò tó fúyẹ́ tí wọ́n á máa lò nígbà tẹ́ ẹ bá ń gé e.

Ẹ kọ gbogbo ọ̀rọ̀ tí bàbá sọ sílẹ̀ pẹ̀lú àkókò rẹ̀, kẹ́ ẹ gé e lórí ìwé kẹ́ ẹ tó fọwọ́ kan kọ̀ǹpútà. Ohùn tiyín tẹ́ ẹ máa kà lé e, nǹkan bí ọ̀rọ̀ 120 ló ń gba ìṣẹ́jú kan. Ẹ bo búláńkẹ́ẹ̀tì lórí, kẹ́ ẹ kà á níbẹ̀. Ohun tí àwòrán bá ti fi hàn, ẹ má tún fẹnu sọ ọ́.

ỌmọOnígbá (Ọ̀yọ́)

Ẹ ṣeun gan-an, ẹ̀yin ẹ̀gbọ́n mi. Inú mi dùn sí ọ̀rọ̀ máìkì kejì yẹn. Mo tún ní ìbéèrè méjì. Mo fẹ́ kí ọnà igbá máa hù fúnra ẹ̀ lójú àwòrán, kí ìlà máa yọ díẹ̀díẹ̀ nígbà tí oríkì bá ń lọ. Ṣé fóònù lè ṣe é? Ìkejì, tí mo bá kọ ọ̀rọ̀ Yorùbá sísàlẹ̀ fídíò, àmì ohùn máa ń bọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ lẹ́tà, nígbà míì àpótí òfìfo ló máa ń jáde.

AyàwòránÒgbómọ̀ṣọ́

Fóònù lè ṣe é dáadáa. Ẹ so ó mọ́lẹ̀ kó dojú kọ igbá, ẹ má fọwọ́ kan án mọ́. Ẹ fín ìlà díẹ̀, ẹ gbé ọwọ́ kúrò, ẹ ya fọ́tò. Ẹ tún fín, ẹ tún yà. Ní 25 fps, fọ́tò kọ̀ọ̀kan á gba fíréèmù méjì, ìṣẹ́jú àáyá 10 á gba fọ́tò 125. Ẹ ti fèrèsé, ẹ lo iná kan ṣoṣo tó ń jẹ bátìrì, torí ìmọ́lẹ̀ oòrùn á máa yí, àwòrán á máa ṣẹ́jú. Ẹ ti focus, exposure àti àwọ̀ funfun (white balance) pa kẹ́ ẹ tó bẹ̀rẹ̀. Ibi tí igbá wà ló sábà máa ń bàjẹ́: ó yí roboto, bẹ́ ẹ bá tẹ ọ̀bẹ, á yí. Ẹ gbé e sórí òṣùká, kẹ́ ẹ fi àmọ̀ di ìsàlẹ̀ ẹ̀ mú.

ÀǹtíAgéfíìmù

Ti àmì ohùn, fọ́ǹtì ni. Lẹ́tà bíi ọ̀ àti ẹ́, lẹ́tà àti àmì méjì ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni kọ̀ǹpútà so pọ̀, fọ́ǹtì tí kò mọ bí wọ́n ṣe ń so ó á gbé àmì sọ́tọ̀. Ẹ lo Noto Sans, Charis SIL tàbí Gentium, ọ̀fẹ́ ni gbogbo wọn. Fọ́ǹtì tí kò ní lẹ́tà náà rárá ló sábà máa ń mú àpótí òfìfo yẹn jáde. Ẹ tọ́jú SRT yín, fáìlì tí ọ̀rọ̀ ìsàlẹ̀ fídíò wà, ní UTF-8, kí lẹ́tà Yorùbá má bàa dà rú. Kẹ́ ẹ tó kọ gbogbo ẹ̀, ẹ kọ "ọ̀ ọ́ ẹ̀ ẹ́ ṣ ń" sórí fídíò ìṣẹ́jú àáyá mélòó kan, ẹ gbé e jáde, ẹ wò ó lórí fóònù àti lórí tẹlifíṣọ̀n. Kí ìlà kan má ju lẹ́tà 42 lọ, kí ìlà tó wà lójú lẹ́ẹ̀kan náà má ju méjì lọ, kó má sì pẹ́ ju ìṣẹ́jú àáyá 7 lọ. Oríkì máa ń yára ju èyí tí ojú lè kà. Tẹ́ ẹ bá ń túmọ̀ rẹ̀ sí Gẹ̀ẹ́sì, ẹ yan ẹsẹ tó ṣe kókó, kẹ́ ẹ jẹ́ kí ìyókù máa dún.

Ẹ gba àṣẹ bàbá sórí kámẹ́rà kẹ́ ẹ tó bẹ̀rẹ̀, kí wọ́n fẹnu ara wọn sọ pé wọ́n gbà kẹ́ ẹ fi hàn, kẹ́ ẹ sì bi àwọn ẹ̀gbọ́n yín nípa kásẹ́ẹ̀tì náà, torí ìdílé ló ni oríkì. Nínú ọjà, ẹ bèèrè lọ́wọ́ ìyálọ́jà àti ẹni tó ni ìsọ̀ kọ̀ọ̀kan. Bí rédíò aládùúgbò bá ń kọ orin lákòókò tẹ́ ẹ ń yà, ẹ ní kí wọ́n pa á, olórin yẹn ló ni ín, wọ́n lè yọ fíìmù yín kúrò lórí íntánẹ́ẹ̀tì. Tẹ́ ẹ bá fẹ́ fi hàn fún gbogbo èèyàn, ẹ máa gbé e lọ sọ́dọ̀ àjọ tó ń yẹ fíìmù wò, NFVCB, òfin ọdún 1993 ló dá a sílẹ̀. Lẹ́yìn ìyẹn, ẹ wo iREP, àjọ̀dún fíìmù tí wọ́n ń ṣe ní Èkó, dọkumẹ́ńtárì nìkan ni wọ́n ń gbà. Wọ́n á bi yín ní fáìlì fíìmù, subtitle Gẹ̀ẹ́sì àti àwòrán kan tó dúró fún fíìmù náà. Ọjọ́ tẹ́ ẹ bá ń ya fíìmù gan-an ni kẹ́ ẹ ya èyí tó kẹ́yìn yẹn, fọ́tò gidi ni kó jẹ́, torí fíréèmù tí wọ́n bá gé látinú fídíò fóònù kì í mọ́ tó nígbà tí wọ́n bá tẹ̀ ẹ́ sórí ìwé.